Fodéba Keïta

Fodéba Keïta (ọjọ́ 19 oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 1921 – ọjọ́ 27 oṣù Èbìbí ọdún 1969) jẹ́ òṣèré, akéwì, olórin, olùdarí ẹgbẹ́ oníjó àti olóṣèlú ọmọ orílẹ̀-èdè Guinea ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà. Òun ni ó dá ẹgbẹ́ oníjó tí à ń pè ní Les Ballets Africains sílẹ̀ ní ìlú Paris. Òun náà ni ó ṣe àtúntò ohùn orin tí Guinea ń lò gẹ́gẹ́ bí orin orílẹ̀-èdè rẹ̀ títí di òní. Ó di mínísítà ní ọdún 1957, ó sì wà nínú ìjọba Ahmed Sékou Touré fún ohun tí ó ju ọdún mẹ́wàá lọ.

Nígbà tí ó jẹ́ mínísítà ni wọ́n kọ́ ilé ẹ̀wọ̀n kan sínú àgọ́ àwọn ẹ̀ṣọ́ ìjọba ní Conakry, lábẹ́ àbójútó rẹ̀. Ilé ẹ̀wọ̀n yìí ni gbogbo ayé wá mọ̀ sí Camp Boiro. Ibẹ̀ náà ni wọ́n fi òun fúnra rẹ̀ sí ní ọdún 1969, kò sì jáde láàyè. Nítorí èyí, kò rọrùn láti sọ ìtàn rẹ̀ ní ọ̀nà kan ṣoṣo: àwọn kan ń rántí rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ó gbé ijó Áfíríkà dé orí ìtàgé àgbáyé, àwọn mìíràn sì ń rántí rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ọ̀kan lára àwọn tí ó kọ́ ilé ìdálóró tí ó pa ọ̀pọ̀ ènìyàn, tí ó sì pa òun náà.

Ìbí àti ìdílé rẹ̀

Siguiri ni wọ́n bí Fodéba Keïta sí, ní apá àríwá ìlà-oòrùn Guinea. Ìlú náà wà létí odò tí àwọn Yorùbá ń pè ní Odò Ọya, kò sì jìnnà sí ààlà orílẹ̀-èdè Málì. Nígbà tí wọ́n bí i, Guinea wà lábẹ́ ìjọba amúnisìn Fránsì. Ó jẹ́ ọ̀kan lára àwọn ilẹ̀ tí Fránsì kó pọ̀ sábẹ́ ìṣàkóso kan ṣoṣo ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, tí olú-ìlú wọn jẹ́ Dakar. Dahomey, tí a mọ̀ sí Benin lónìí, tí ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ń gbé, wà lára àwọn ilẹ̀ náà pẹ̀lú.

Ọmọ ẹ̀yà Malinké ni. Láàrin àwọn ènìyàn yìí, Keïta jẹ́ orúkọ ìdílé ọba, nítorí pé Sundiata Keïta ni ó tẹ ilẹ̀-ọba Mali dó ní ọ̀rúndún kẹtàlá. Nínú àṣà wọn, orin kíkọ, ìtàn ọba pípa àti oríkì kíkì jẹ́ iṣẹ́ àwọn ìdílé kan tí à ń pè ní jeli, gẹ́gẹ́ bí ìlù lílù ti jẹ́ iṣẹ́ àwọn ọmọ Àyàn nílẹ̀ Yorùbá, tí ìtàn ọba pípa sì jẹ́ iṣẹ́ àwọn arọ́kin ní Ọ̀yọ́. Ẹni tí ń jẹ́ Keïta ni àwọn jeli máa ń kì. Kì í ṣe òun ni ó máa ń ki ẹlòmíràn. Bí Fodéba ṣe wá fi orin àti ijó ṣe iṣẹ́ jẹun jẹ́ ohun tí ó yàtọ̀ sí ìlànà ìdílé rẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ ìgbàlódé ni ó ṣí ọ̀nà náà sílẹ̀ fún un.

Ẹ̀kọ́ rẹ̀ ní William Ponty

Lẹ́yìn tí ó kàwé ní Guinea, ó lọ sí ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ William Ponty, tí ó wà ní Sébikotane nítòsí Dakar ní orílẹ̀-èdè Sẹ̀nẹ̀gàl nígbà náà. Ilé ẹ̀kọ́ yìí ni ìjọba Fránsì ti ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin tí yóò ṣe olùkọ́, akọ̀wé àti igbákejì dókítà fún gbogbo ilẹ̀ wọn ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà. Àwọn tí ó jáde níbẹ̀ pọ̀ láàrin àwọn tí ó di aṣáájú lẹ́yìn òmìnira. Modibo Keïta ti Málì, Félix Houphouët-Boigny ti Côte d'Ivoire, Hamani Diori ti Niger àti Hubert Maga ti Dahomey wà lára wọn.

Ohun kan tí ó sọ William Ponty di olókìkí ni eré orí ìtàgé. Ní àkókò ìsinmi, àwọn olùkọ́ máa ń ní kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan lọ ṣe ìwádìí àṣà, ìtàn àti orin ìlú rẹ̀, kí ó sì kọ ọ́ sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n bá padà dé, àwọn tí ó wá láti ilẹ̀ kan náà a kó ara wọn jọ, wọn a sì fi ohun tí wọ́n rí gbé eré kalẹ̀. Èdè Faransé ni wọ́n fi ń sọ̀rọ̀ nínú eré náà, ṣùgbọ́n èdè ìbílẹ̀ ni wọ́n fi ń kọrin inú rẹ̀. Àwọn ọmọ Dahomey wà lára àwọn tí ó kọ́kọ́ ṣe irú eré yìí, nígbà tí wọ́n fi ìtàn ọba Béhanzin ṣeré ní ọdún 1933. Ní ọdún 1937, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ William Ponty ṣeré ní Paris níbi àfihàn àgbáyé tí wọ́n ṣe níbẹ̀.

Fodéba dé ilé ẹ̀kọ́ náà lẹ́yìn tí àṣà yìí ti fìdí múlẹ̀. Ohun méjì ni ó kọ́ níbẹ̀ tí ó bá a dé ọjọ́ ogbó iṣẹ́ rẹ̀. Èkíní ni pé orin àti ijó abúlé lè di eré tí a ń wò lórí ìtàgé. Èkejì ni pé ọmọ Siguiri, ọmọ Dakar àti ọmọ Porto-Novo lè jọ ṣe eré kan náà. Ṣùgbọ́n ojú tí àwọn olùkọ́ Faransé fi ń wo àṣà Áfíríkà nínú eré wọ̀nyí kì í ṣe ojú òmìnira. Bí ọba ìgbàanì ṣe ń ṣubú níwájú àwọn òyìnbó ni wọ́n sábà máa ń fẹ́ rí. Àwọn iṣẹ́ tí Fodéba ṣe lẹ́yìn náà yí ojú náà padà.

Lẹ́yìn tí ó parí ẹ̀kọ́ rẹ̀, ó ṣe iṣẹ́ olùkọ́ ní Sẹ̀nẹ̀gàl, níbi tí ó ti kọ́ ọmọ ní Tambacounda àti Saint-Louis.

Paris àti Les Ballets Africains

Ní ọdún 1948, Fodéba Keïta lọ sí Paris láti kọ́ ẹ̀kọ́ òfin. Ìlú náà kún fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àti òǹkọ̀wé aláwọ̀ dúdú nígbà náà. Ọdún kan ṣáájú ni Alioune Diop, ọmọ Sẹ̀nẹ̀gàl, ti dá ìwé ìròyìn Présence Africaine sílẹ̀ níbẹ̀. Fodéba kó ẹgbẹ́ olórin kan jọ tí ó pè ní Sud Jazz, kò sì pẹ́ tí orin fi gba ipò iwájú lọ́wọ́ òfin. Òun àti Facelli Kanté, onígìtá ọmọ Guinea, ni wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́. Fodéba a máa ka ewì, Facelli a sì máa ta gìtá sí i.

Láti ibẹ̀ ni ẹgbẹ́ òṣèré kan ti jáde, èyí tí wọ́n kọ́kọ́ pè ní Théâtre Africain, tí orúkọ rẹ̀ sì wá di Les Ballets Africains. Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà wá láti oríṣiríṣi ilẹ̀ tí Fránsì ń ṣàkóso. Ní ọdún 1952, wọ́n ṣeré ní gbọ̀ngàn Théâtre de l'Étoile ní Paris, òkìkí wọn sì bẹ̀rẹ̀ sí í kàn. Lẹ́yìn náà, wọ́n rin ìrìn-àjò káàkiri Yúróòpù àti àwọn ilẹ̀ mìíràn. Ijó, orin, ìtàn, ìlù djembe, kora àti balafon ni wọ́n fi ń dá àwọn ènìyàn lára yá. Ìlù djembe, tí ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́yìn odi Áfíríkà kò mọ̀ rárá ṣáájú, di ohun tí wọ́n ń lù ní ọ̀pọ̀ ìlú àgbáyé lónìí. Ladji Camara, ọ̀kan lára àwọn onílù ẹgbẹ́ náà, tẹ̀dó sí Amẹ́ríkà lẹ́yìn náà, ó sì kọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn níbẹ̀ ní ìlù lílù.

Ní oṣù Èrèlé ọdún 1959, ẹgbẹ́ náà ṣeré ní Broadway ní ìlú New York. Awuyewuye ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ nítorí pé àwọn obìnrin kan ń jó láì bo àyà wọn, gẹ́gẹ́ bí a ti ń ṣe nínú àwọn ijó kan nílé. Àwọn aláṣẹ ìlú náà rò pé ìwà ìtìjú ni, àwọn òṣèré sì rò pé àṣà ni. Awuyewuye yìí fi hàn pé ohun kan náà lè ní ìtumọ̀ méjì bí a bá gbé e kúrò ní ibi tí wọ́n ti ń ṣe é.

Fodéba fúnra rẹ̀ ti ronú lórí ọ̀rọ̀ yìí. Nínú àròkọ kan tí ó kọ sínú Présence Africaine ní ọdún 1957, ó ṣàlàyé ìyàtọ̀ tí ó wà láàrin ijó abúlé àti ijó orí ìtàgé. Ní abúlé, kò sí òǹwòran: ẹni tí kò jó ń pàtẹ́wọ́, ẹni tí kò pàtẹ́wọ́ ń gbe orin. Ijó náà sì lè gba òru mọ́jú. Lórí ìtàgé, òǹwòran jókòó sínú òkùnkùn, ó ti sanwó, kò gbọ́ èdè orin náà, àkókò rẹ̀ sì ní òdiwọ̀n. Nítorí náà, Fodéba gbà pé ẹni tí ó bá gbé ijó lọ sí ìtàgé gbọ́dọ̀ gé e kúrú, kí ó sì tún un tò, láì pa ẹ̀mí inú rẹ̀. Kò gbà pé àṣà jẹ́ ohun tí a kó sínú àpótí. Ó gbà pé àṣà tí ó wà láàyè a máa yí padà bí ìgbésí ayé àwọn tí ó ni ín bá ṣe ń yí padà. Àwọn kan ṣàríwísí rẹ̀ nígbà náà pé eré rẹ̀ ti di ti òyìnbó jù. Àríyànjiyàn yìí kò tíì parí láàrin àwọn onímọ̀ nípa ijó Áfíríkà títí di òní.

Àwọn ìwé rẹ̀

Ní ọdún 1950, ilé ìtẹ̀wé Seghers ní Paris tẹ ìwé ewì rẹ̀, Poèmes africains, jáde. Le Maître d'école tẹ̀lé e. Ní ọdún 1965, wọ́n tún kó àwọn iṣẹ́ rẹ̀ kan jáde lábẹ́ àkọlé Aube africaine, tí ó túmọ̀ sí Àfẹ̀mọ́júmọ́ Áfíríkà.

Ewì tí ó fún ìwé yìí ní orúkọ ni iṣẹ́ rẹ̀ tí àwọn ènìyàn mọ̀ jù. Ó jẹ́ ìtàn tí a ń kà pẹ̀lú orin. Òǹkọ̀wé fi àmì sí ibi tí gìtá àti àwọn ohun èlò orin mìíràn yóò ti wọlé láàrin ọ̀rọ̀. Ìtàn náà dá lórí àgbẹ̀ ọ̀dọ́ kan tí ń jẹ́ Naman. Aláṣẹ Faransé ránṣẹ́ sí abúlé pé kí wọ́n fi ọkùnrin kan sílẹ̀ fún ogun, àwọn àgbààgbà sì yan Naman nítorí pé òun ni ó dára jù nínú àwọn ọ̀dọ́ wọn. Ó fi ìyàwó rẹ̀ Kadia sílẹ̀, ó jagun fún Fránsì, ó gba àmì ẹ̀yẹ, àwọn ará Jámánì sì mú un lẹ́rú ogun. Nígbà tí ó kù díẹ̀ kí ó dé ilé, ìbọn àwọn tí ó jagun fún ni ó pa á ní Thiaroye.

Thiaroye kì í ṣe àròsọ. Ní ọjọ́ 1 oṣù Ọ̀pẹ ọdún 1944, ní àgọ́ Thiaroye nítòsí Dakar, àwọn ọmọ-ogun Fránsì yìnbọn lu àwọn ọmọ-ogun Áfíríkà tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé láti ojú ogun, nítorí pé wọ́n ń bèèrè owó tí ìjọba jẹ wọ́n. Ìjọba Fránsì kéde pé ènìyàn 35 ni ó kú. Ọ̀pọ̀ onítàn gbà pé wọ́n pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Fodéba wà lára àwọn tí ó kọ́kọ́ fi iṣẹ́ ọnà sọ ọ̀rọ̀ yìí ní gbangba, nígbà tí Fránsì ṣì ń ṣàkóso. Ní ọdún 1951, ìjọba amúnisìn fòfin de àwọn iṣẹ́ rẹ̀ ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà.

Òfin náà kò pa ewì náà. Nígbà tí Frantz Fanon kọ ìwé rẹ̀ tí ó lókìkí jù, Les Damnés de la terre, ní ọdún 1961, ó mú ìtàn Naman gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ irú iṣẹ́ ọnà tí ó lè kọ́ àwọn ènìyàn ní ọ̀nà òmìnira. Nípasẹ̀ ìwé Fanon ni ọ̀pọ̀ àwọn tí kò rí ìwé Fodéba rí fi mọ orúkọ rẹ̀.

Bí ó ṣe wọ inú ìṣèlú

Ní ọdún 1956, Fránsì ṣe òfin tí ó fún àwọn ilẹ̀ rẹ̀ ní Áfíríkà ní àǹfààní láti ní ìgbìmọ̀ ìjọba tiwọn. Ní oṣù Ẹrẹ́nà ọdún 1957, wọ́n dìbò ní Guinea. Ẹgbẹ́ òṣèlú PDG, tí Sékou Touré jẹ́ aṣáájú rẹ̀, gba àga 56 nínú 60. Fodéba Keïta wà lára àwọn tí ó wọlé. Àwọn ará Siguiri ni ó ń ṣojú fún. Nígbà tí wọ́n gbé ìgbìmọ̀ ìjọba kalẹ̀ ní oṣù Èbìbí, ó di mínísítà fún ọ̀rọ̀ abẹ́lé. Ọmọ ọdún 36 ni nígbà náà.

Iṣẹ́ tí ó kọ́kọ́ já lé e lọ́wọ́ kò kéré. Àwọn olóyè tí ìjọba amúnisìn fi jẹ ní àwọn àgbègbè ni wọ́n ń gba owó orí, àwọn ni wọ́n ń kó ènìyàn fún iṣẹ́ àfipáṣe àti ogun, wọ́n sì ti sú àwọn ará abúlé. Ní òpin ọdún 1957, ìjọba fagi lé oyè wọn pátápátá. Fodéba, tí ó ti kọ ìtàn abúlé tí aláṣẹ ń gba ọmọ lọ́wọ́ wọn, ni mínísítà tí ọ̀rọ̀ náà wà lábẹ́ rẹ̀. Ní oṣù Ọwẹ́wẹ̀ ọdún 1958, nígbà tí Charles de Gaulle bi àwọn ilẹ̀ Fránsì bóyá wọ́n fẹ́ wà nínú àjọṣepọ̀ tuntun pẹ̀lú Fránsì, Guinea nìkan ni ó kọ̀ ọ́ ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà. Ó ju ìdá 95 nínú 100 àwọn olùdìbò tí ó sọ pé rárá. Ọ̀pọ̀ onítàn gbà pé bí kò bá sí àwọn olóyè mọ́ láti darí ìbò àwọn ará abúlé ni ó jẹ́ ọ̀kan lára ohun tí ó mú kí èyí ṣeé ṣe.

Guinea gba òmìnira ní ọjọ́ 2 oṣù Ọ̀wàrà ọdún 1958. Inú bí Fránsì, ó sì kó àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ kúrò kíákíá. Orílẹ̀-èdè tuntun náà nílò ohun gbogbo, títí kan orin orílẹ̀-èdè. Fodéba mú ohùn orin tí àwọn jeli fi ń ki Alfa Yaya, ọba Labé tí Fránsì mú lọ sí ìgbèkùn, ó sì tún un tò. Orin náà di orin orílẹ̀-èdè Guinea, tí a mọ̀ sí Liberté, èyí tí ó túmọ̀ sí òmìnira. Ìjọba gba Les Ballets Africains, ó sì di ẹgbẹ́ ti orílẹ̀-èdè. Láti ìgbà náà, ijó àti orin di ohun tí Guinea fi ń bá àgbáyé sọ̀rọ̀. Ní ọdún 1961, wọ́n dá ẹgbẹ́ olórin obìnrin kan sílẹ̀ láàrin àwọn agbófinró, èyí tí a wá mọ̀ sí Les Amazones de Guinée.

Mínísítà fún ààbò

Lẹ́yìn òmìnira, ọ̀rọ̀ ọmọ-ogun àti ààbò bọ́ sí ọwọ́ Fodéba. Ó kó àwọn ọmọ-ogun jọ, ó tò wọ́n, ó sì wá ìrànwọ́ fún wọn lọ́dọ̀ àwọn orílẹ̀-èdè ìlà-oòrùn Yúróòpù. Ẹ̀rù ń ba ìjọba Sékou Touré nígbà náà. Lóòótọ́ ni àwọn kan ní Fránsì fẹ́ kí ìjọba náà ṣubú. Ṣùgbọ́n ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í rí ọ̀tẹ̀ níbi gbogbo. Ní ọdún 1960, wọ́n kéde ìdìtẹ̀ àkọ́kọ́. Ní òpin ọdún 1961, nígbà tí àwọn olùkọ́ bèèrè fún àtúnṣe owó oṣù wọn, ìjọba pe èyí náà ní ìdìtẹ̀. Wọ́n mú àwọn aṣáájú ẹgbẹ́ olùkọ́, Djibril Tamsir Niane sì wà lára àwọn tí wọ́n fi sẹ́wọ̀n. Niane ni onítàn tí ó ti kọ ìtàn Sundiata jáde ní ọdún tí ó ṣáájú. Ẹni tí ó jẹ́ olùkọ́ rí, tí ó sì ti kọ ìwé tí ó pè ní olùkọ́ ilé-ìwé, ni ó wà ní ipò mínísítà fún ààbò nígbà náà.

Ní àwọn ọdún ìbẹ̀rẹ̀ wọ̀nyí ni wọ́n kọ́ ilé ẹ̀wọ̀n olóṣèlú sínú àgọ́ Camayenne ní Conakry. Fodéba ni ó bójú tó kíkọ́ rẹ̀. Àwọn yàrá rẹ̀ kéré, wọn kò sì ní fèrèsé tí ènìyàn lè wo ìta. Níbẹ̀ ni wọ́n ti wá ń lo ìyà kan tí àwọn ẹlẹ́wọ̀n pè ní oúnjẹ dúdú: wọn a ti ènìyàn mọ́lé láì fún un ní oúnjẹ tàbí omi títí tí yóò fi kú.

Ní ọdún 1965, wọ́n gba ọ̀rọ̀ ààbò kúrò lọ́wọ́ Fodéba, wọ́n sì fi í sí ilé-iṣẹ́ tí ń rí sí ọ̀rọ̀ àgbẹ̀ àti iṣẹ́ ọwọ́. Agbára rẹ̀ ti dínkù. Ẹni tí ó mọ ọmọ-ogun dáadáa, tí àwọn ọmọ-ogun náà sì mọ̀, kì í pẹ́ kí ó tó di ẹni ìfura nínú ìjọba tí ń bẹ̀rù ìdìtẹ̀. Lẹ́yìn tí àwọn ológun gba ìjọba ní Ghana ní ọdún 1966 àti ní Málì ní ọdún 1968, ẹ̀rù náà pọ̀ sí i.

Bí wọ́n ṣe mú un àti ikú rẹ̀

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1969, ìjọba kéde pé àwọn ọmọ-ogun kan ní Labé ń dìtẹ̀. Nígbà tí wọ́n ń fi ọkọ̀ òfúrufú kó díẹ̀ lára wọn lọ sí Conakry, wọ́n ti ọ̀gá ọlọ́pàá tí ó ń ṣọ́ wọn, Mamadou Boiro, jáde láti ojú òfúrufú, ó sì kú. Orúkọ rẹ̀ ni wọ́n fi sọ àgọ́ Camayenne, ó sì di Camp Boiro. Ìjọba sọ pé Kaman Diaby, ọ̀gá nínú iṣẹ́ ológun, àti Fodéba Keïta wà nídìí ọ̀tẹ̀ náà.

Ní oṣù Ẹrẹ́nà ọdún 1969, wọ́n mú Fodéba, wọ́n sì fi í sí Camp Boiro. Kò sí ilé-ẹjọ́ gbangba tí ó ti rojọ́ pẹ̀lú agbẹjọ́rò. Ní ọjọ́ 27 oṣù Èbìbí ọdún náà, wọ́n yìnbọn pa á. Ọmọ ọdún 48 ni.

Kò tíì sí ẹ̀rí tí gbogbo onítàn gbà pé ó lọ́wọ́ nínú ìdìtẹ̀ kankan. Lẹ́yìn ikú rẹ̀, Camp Boiro ṣì ń gba ènìyàn fún ọdún 15. Diallo Telli, ọmọ Guinea tí ó jẹ́ akọ̀wé àgbà àkọ́kọ́ fún Àjọ Ìṣọ̀kan Áfíríkà, kú síbẹ̀ ní ọdún 1977. Nígbà tí Sékou Touré kú ní oṣù Ẹrẹ́nà ọdún 1984, tí àwọn ológun sì gba ìjọba ní oṣù Igbe tí ó tẹ̀lé e, wọ́n ṣí ilẹ̀kùn ilé ẹ̀wọ̀n náà. Àwọn tí ó yè jáde, àwọn kan nínú wọn sì kọ ìwé nípa ohun tí ojú wọn rí.

Ipò rẹ̀ nínú ìtàn

A lè fi ìgbésí ayé Fodéba Keïta wé ti Hubert Ogunde (1916–1990), tí ó jẹ́ àgbà òṣèré Yorùbá ní àsìkò kan náà. Àwọn méjèèjì kó ẹgbẹ́ òṣèré jọ ní àsìkò ìjọba amúnisìn, àwọn méjèèjì fi orin àti ijó ìbílẹ̀ ṣe ìpìlẹ̀ eré wọn, ìjọba sì fòfin de iṣẹ́ àwọn méjèèjì. Ní ọdún 1964, ìjọba Ìwọ̀-oòrùn Nàìjíríà fòfin de ẹgbẹ́ Ogunde nítorí eré Yorùbá Ronú, wọn kò sì gbẹ́sẹ̀ kúrò lórí òfin náà títí di ọdún 1966. Ṣùgbọ́n ọ̀nà wọn yà lẹ́yìn òmìnira. Ogunde dúró lórí ìtàgé, láti ibẹ̀ ni ó sì ti ń bá àwọn aláṣẹ wí. Fodéba wọ inú ìjọba, ó sì di ọ̀kan lára àwọn tí ń fòfin de ẹlòmíràn.

Àwọn onítàn kò fẹnu kò lórí ìdí tí ó fi rí bẹ́ẹ̀. Àwọn kan sọ pé ó gbàgbọ́ pé orílẹ̀-èdè kékeré tí Fránsì ń dọdẹ rẹ̀ kò lè là láìsí ọwọ́ líle. Àwọn mìíràn sọ pé nínú ìjọba ẹgbẹ́ òṣèlú kan ṣoṣo, kò sí àyè fún mínísítà láti kọ ohun tí olórí bá fẹ́. Ìdáhùn yòówù kí ó jẹ́, kò mú ìyà àwọn tí wọ́n tì mọ́lé ní àsìkò rẹ̀ kúrò, bẹ́ẹ̀ ni ìwà ìkà tí wọ́n hù sí òun náà kò di ẹ̀tọ́ nítorí ohun tí ó ti ṣe.

Les Ballets Africains ṣì wà lẹ́yìn ikú rẹ̀, ó sì ń rin ìrìn-àjò káàkiri àgbáyé fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè Áfíríkà ni ó tẹ̀lé àpẹẹrẹ Guinea nípa dídá ẹgbẹ́ oníjó orílẹ̀-èdè sílẹ̀. Wọ́n ṣì ń ka ìtàn Naman ní àwọn ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n ti ń kọ́ nípa lítíréṣọ̀ Áfíríkà ní èdè Faransé. Níbi ayẹyẹ ìjọba Guinea, wọ́n ṣì ń kọ orin Liberté, tí ó jẹ́ iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀. Ní Conakry kan náà, àwọn ẹbí àwọn tí ó kú sí Camp Boiro ṣì ń bèèrè pé kí ìjọba fi ibi tí wọ́n sin àwọn ènìyàn wọn sí hàn wọ́n, kí ó sì sọ òtítọ́ nípa ikú wọn.